Ènì Láìrajà

Láti etí omi kánà títí dé abẹ́ wáyà iná ńlá, gbogbo ẹ̀fọ́ tí wọ́n fẹ́ gé láàárọ̀ ọjọ́ Ẹtì náà ló ti kú. Tẹ̀tẹ̀ ti rọ, ṣọkọ ti pọ́n, úgù tó ti ń fà káàkiri tẹ́lẹ̀ ti sùn sílẹ̀ bí ẹni tí ibà gbé dè. Ká ní ewúrẹ́ ló wọlé jẹ ẹ́, à bá rí ibi tó fẹnu bà. Èyí kò ní ojú ẹnu. Ó kàn kú ni, láti orí bẹ́ẹ̀dì ẹ̀fọ́ kan dé òmíràn.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, Gbọ́lágadé dúró lójú ọ̀nà tóóró tó gba àárín bẹ́ẹ̀dì méjì kọjá, ó káwọ́ sẹ́yìn bó ti máa ń ṣe nígbà tó wà lẹ́nu iṣẹ́. Ó ti pẹ́ tó ti fẹ̀yìn tì nídìí iṣẹ́ ọ̀tẹ̀lẹ̀múyẹ́, ṣùgbọ́n ó jọ pé kò sẹ́ni tó tíì sọ fún ọwọ́ rẹ̀. Kì í ṣe tésàn ló ránṣẹ́ pè é. Ta ní fẹ́ ránṣẹ́ pè é? Ìyá kan tó ń ránṣọ ní Amúwo, Kúlísúmù lorúkọ rẹ̀, ló wá kúnlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ ní Fọ́ọ̀tì Àfẹ́nù ní Fẹ́sítáàkì. Ó ní àwọn àgbẹ̀ ẹ̀fọ́ ti mú Ọlámipọ̀, ọmọ kan ṣoṣo tí òun bí, wọ́n lù ú, wọ́n sì fà á lé ọlọ́pàá lọ́wọ́ pé òun ló fọ́n oògùn apakoríko sí wọn lóko. Ó ní òun kò mọ ẹlòmíràn tí òun lè sá tọ̀.

Ká sòótọ́, Gbọ́lágadé náà kò mọ ẹlòmíràn. Láti ìgbà tí Ìkẹ́ ìyàwó rẹ̀ ti kú, tí Ẹwàolúwa ọmọ rẹ̀ sì ti kó lọ sí Kánádà, ẹni tó ń gba owó iná nìkan ló kù tó ń kan ilẹ̀kùn yẹn. Kí Kúlísúmù tó parí ẹkún rẹ̀, bàbá náà ti dé fìlà.

Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó fa ewé tẹ̀tẹ̀ kan tu, ó sì yí i padà. Kò sí àpá jíjó kankan lára rẹ̀. Ewé kékeré tó wà lókè pátápátá ló kọ́kọ́ pọ́n, èyí tó ti gbó nísàlẹ̀ ṣì ní àwọ̀ díẹ̀. Ó wo etí kánà, ó rí i pé koríko ibẹ̀ tutù yọ̀yọ̀. Ewéko tó léfòó lójú omi náà ń tàn, kò mọ̀ pé ẹnì kankan kú. Nígbà náà ló rí bẹ́ẹ̀dì kan lápá òsì, lẹ́bàá ọgbà, tí ṣọkọ rẹ̀ dúró ṣánṣán láàárín òkú ẹ̀fọ́ gbogbo.

"Bàbá Ẹwà, ẹ ti jí wá?"

Ìyá Dammy ni. Sìlífátù lorúkọ rẹ̀, ọmọ Ìsẹ́yìn, òun sì lalága àwọn àgbẹ̀ ẹ̀fọ́ náà. Ó jókòó sórí garawa tó dojú dé, ó fọwọ́ lẹ́rán, ojú rẹ̀ sì ti wú. Gbọ́lágadé kí i kú ìṣòro.

Ní gbogbo Fẹ́sítáàkì, obìnrin yìí nìkan ló ń pè é ní Bàbá Ẹwà. Àwọn tó kù ń pè é ní Ọ̀gá Ọlọ́pàá, tàbí kí wọ́n má pè é rárá. Ìlànà àwọn àgbẹ̀ náà ni pé ọjọ́ Ẹtì nìkan ni wọ́n ń gé ẹ̀fọ́, nígbà tí ọkọ̀ àwọn oníbàárà bá ti Mile 2 dé, kí ewé lè gbó dáadáa. Ẹnì kan ṣoṣo ni wọ́n yọ sílẹ̀. Bí ọjọ́ Ìṣẹ́gun bá ti pé, Gbọ́lágadé á wá, Ìyá Dammy á gé ìdì kan fún un létí bẹ́ẹ̀dì tirẹ̀, á fi ènì lé e, wọ́n á wá jókòó máa sọ̀rọ̀ títí oòrùn á fi mú. Nígbà mìíràn, láti Ìṣẹ́gun kan sí èkejì, obìnrin yìí nìkan ni bàbá náà á bá sọ̀rọ̀ tó ju ẹ káàárọ̀ lọ. Ìṣẹ́gun tó kọjá yìí, obìnrin náà ní ẹ̀fọ́ kò tíì tó gé, ó sì fún un ní ilá lọ sílé.

"Ṣé wọ́n ní ọmọ yẹn ṣì wà lọ́dọ̀ ọlọ́pàá?" ó bi í.

Gbọ́lágadé ní bẹ́ẹ̀ ni. Obìnrin náà mi orí, ó sì wo ilẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká sọ bí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ yìí ti jẹ́, torí ìjọba ti dá sí i. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún, àwọn òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì kan tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àyíká wá fi ọ̀dà pupa kọ nǹkan sára òpó: kí gbogbo àgbẹ̀ kó kúrò létí kánà, omi ibẹ̀ kò mọ́, ẹ̀fọ́ tó ń mu ún kò sì yẹ lẹ́nu ọmọ ènìyàn. Wọn kò ní fún ẹnikẹ́ni nílẹ̀ mìíràn, torí kò sẹ́ni tó fi wọ́n síbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Òfin náà wá ní ìrù kan. Àgbẹ̀ tí omi kánà bá ti ba nǹkan oko rẹ̀ jẹ́ kí katakata ìjọba tí yóò wá tú ilẹ̀ náà tó dé, wọn yóò fún un ní ilẹ̀ lọ́nà Àgbádárìgì, pẹ̀lú omi ẹ̀rọ. Ìyẹn ni pé ẹni tí ẹ̀fọ́ rẹ̀ dára yóò palẹ̀ ẹrù rẹ̀ mọ́ lásán, ẹni tí tirẹ̀ kú ni yóò rí ìrànwọ́ gbà. Inú yàrá tí ẹ̀rọ amúlétutù wà ni wọ́n ti ro èyí, ó sì dájú pé wọ́n ti jẹun kí wọ́n tó rò ó. Katakata kò ní pẹ́ dé mọ́.

Ní tésàn, ẹni tí ẹjọ́ náà wà lọ́wọ́ rẹ̀ ni Ìsípẹ́kítọ̀ Bukky, tí Gbọ́lágadé kọ́ níṣẹ́ láyé ìgbà kan. Ó dìde kí i tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, ó fún un ní àga, ó sì ń wo fóònù rẹ̀ lábẹ́ tábìlì. Gbọ́lágadé rí i. Kò bínú, ọmọ náà níṣẹ́ púpọ̀.

"Ọ̀gá mi, ẹ má dara yín láàmú," ó ní. "Wọ́n rí i nírọ̀lẹ́ Ọjọ́bọ̀ létí kánà, ó gbé ẹ̀rọ ìfọ́noògùn kọ́ ẹ̀yìn. Nígbà tó fi máa di àárọ̀ ọjọ́ Ẹtì, ẹ̀fọ́ ti kú. Kí ló tún kù?"

"Irú oògùn wo ló wà nínú ẹ̀rọ náà?"

"Oògùn apakoríko ni, Ọ̀gá. Ṣé kì í ṣe gbogbo ẹ̀ ló ń pa nǹkan?"

Gbọ́lágadé ní kí ó jẹ́ kí òun rí ọmọ náà. Bukky gbà, ṣùgbọ́n ó kìlọ̀ pé bó bá di ọjọ́ Ajé, kóòtù lòun ń gbé e lọ, torí àwọn àgbẹ̀ ń pariwo, àwọn oníròyìn sì ti ń pè. Bí ọmọ náà bá dé kóòtù, ẹ̀wọ̀n ló ń lọ. Kò ní agbẹjọ́rò, ìyá rẹ̀ kò sì mọ ẹni tí yóò bẹ̀.

Ọlámipọ̀ jáde, ojú rẹ̀ kan ti dí. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa bá àwọn ènìyàn pa koríko àyíká ilé. Ó ní Ọ̀gbẹ́ni Ọ̀jẹ̀túndé, ọmọ onílẹ̀ tó kọ́lé sí òdìkejì kánà, ló bẹ òun níṣẹ́ pé kí òun pa koríko ìdí ọgbà rẹ̀, òun sì ṣe é nírọ̀lẹ́ Ọjọ́bọ̀ torí pé òun ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Ṣágámù dé láti ibi ìkómọ ni.

"Oògùn tí ò ń lò, báwo ló ṣe ń pa koríko?" Gbọ́lágadé bi í.

"Ó ń jó o ni, sà. Ibi tó bá kán sí ló máa dúdú. Tí oòrùn bá ti ràn sí i báyìí, kò ju ọ̀sán lọ, ó ti gbẹ."

"Kì í pọ́n kó tó kú?"

"Ìyẹn oògùn kejì, sà. Ìyẹn máa ń wọnú gbòǹgbò lọ ni. Ó máa lo ọjọ́ bíi mélòó kan kẹ́ ẹ tó mọ̀ pé ó ti ṣe nǹkan. Mi kì í rà á, àwọn oníbàárà mi ò ní sùúrù."

Gbọ́lágadé ti mọ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ó fẹ́ gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀. Bí ọmọ náà bá ń purọ́, ọgbà Ọ̀jẹ̀túndé yóò tú àṣírí rẹ̀.

Ọgbà náà kò tú àṣírí irọ́ kankan. Koríko ìdí rẹ̀ ti dúdú kanlẹ̀, ó jó ní tótòtó níbi tí oògùn ti ta sí i, bí aṣọ tí ẹ̀ta iná bà. Kò jọ ohun tó pa ẹ̀fọ́ rárá. Ọ̀jẹ̀túndé fúnra rẹ̀ gbà á lálejò sí bákónì ilé rẹ̀, ó wọ ṣòkòtò péńpé, kò sì bẹ̀rù ohunkóhun. Gbọ́lágadé béèrè bóyá òun ni kò fẹ́ àwọn àgbẹ̀ náà níbẹ̀, torí gbogbo ènìyàn ló mọ̀ pé ìdílé wọn ń pe ilẹ̀ etí kánà ní tiwọn.

"Bàbá, katakata ìjọba ń bọ̀ wá lé wọn fún mi lọ́fẹ̀ẹ́," ó ní. "Kí ni mo wá ń ra oògùn sí? Èmi gan-an mi ò fẹ́ kí ẹ̀fọ́ yẹn kú. Tí wọ́n bá ní omi ló pa á, ìjọba máa fún wọn nílẹ̀, wọ́n á tún wá máa wo ilẹ̀ tèmi náà bóyá ó ní májèlé."

Ó rẹ́rìn-ín, ó sì bi Gbọ́lágadé bóyá yóò mu nǹkan tútù. Gbọ́lágadé ní òun dúpẹ́. Kò fẹ́ràn ọkùnrin náà, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ rẹ̀ dúró dáadáa, kò rí ibi tí yóò tì í sí.

Bẹ́ẹ̀dì tó yè ló kù. Bàbá Àṣírù ló ni ín, àwọn àgbẹ̀ sì ti ń fojú burúkú wò ó láti àárọ̀ ọjọ́ Ẹtì. Wọ́n ní bí Ọlámipọ̀ bá jẹ́ ọwọ́, bàbá yìí ni orí tó rán an. Nígbà tí Gbọ́lágadé débẹ̀, ó ń bomi rin ṣọkọ rẹ̀, kò wo apá ibi tí àwọn tó kù wà.

"Wọ́n ní èmi ni mo ṣe é, àbí?" ó ní, kò dúró gbọ́ ìdáhùn. "Ẹ̀mí mi gùn jù lójú wọn."

"Kí ló dé tí tiyín kò fi kú?"

Bàbá náà gbé agolo omi rẹ̀ sílẹ̀. Ó ṣàlàyé pé àwọn tó kù ń ṣe àáró omi. Dípò kí kálukú máa bomi rin tirẹ̀ lójoojúmọ́, wọ́n pín ọjọ́ láàárín ara wọn: ẹni tí ọjọ́ bá kàn yóò bomi rin gbogbo bẹ́ẹ̀dì láti òkè délẹ̀, àwọn yòókù á lọ wá iṣẹ́ mìíràn ṣe. Òun náà wà nínú rẹ̀ tẹ́lẹ̀, títí ẹnì kan fi tẹ ṣọkọ òun mọ́lẹ̀ tí kò sì bẹ òun. Láti ọjọ́ náà lòun ti ń dá bomi rin tòun.

"Wọ́n ní mi ò ní ìfẹ́," ó ní. "Kí wọ́n máa fìfẹ́ jẹun báyìí."

Gbọ́lágadé béèrè ìgbà tó kọ́kọ́ rí i pé nǹkan ń ṣe ẹ̀fọ́ náà. Bàbá Àṣírù ní lọ́sàn-án Ọjọ́bọ̀ ni, orí rẹ̀ ti ń pọ́n, àwọn obìnrin náà sì ní oòrùn ni. Ó ní òun sọ fún wọn pé kì í ṣe oòrùn, wọn kò dá òun lóhùn.

Ọ̀sán Ọjọ́bọ̀. Ọlámipọ̀ kò sì dé etí kánà títí ó fi di ìrọ̀lẹ́.

Gbọ́lágadé rìn padà gba Àfẹ́nù lọ, ó ń tò ó lẹ́sẹẹsẹ lọ́kàn. Kì í ṣe omi kánà, koríko etí rẹ̀ ṣì tutù. Kì í ṣe ẹ̀rọ Ọlámipọ̀, oògùn rẹ̀ ń jó ewé, èyí ń mú un pọ́n ni. Ẹni tó ṣe é ti ṣe é ní nǹkan bí ọjọ́ Ajé, kí ó tó lè hàn lọ́sàn-án Ọjọ́bọ̀. Oògùn náà dé orí gbogbo bẹ́ẹ̀dì láìfo ọ̀kan, àfi ti ẹni tí kò sí nínú àáró. Kò sí ìpasẹ̀ àjèjì láàárín ẹ̀fọ́, kò sì sẹ́ni tó pariwo olè. Nítorí náà, kì í ṣe pé ẹnì kan yọ́ wọlé. Ọ̀sán gangan ni, lójú gbogbo ayé, pẹ̀lú agolo ìbomirin lọ́wọ́. Àwọn tó rí i kí i pé ó kú iṣẹ́.

Ìbéèrè kan ṣoṣo ló kù: ta ni àáró kàn lọ́jọ́ Ajé? Bàbá Àṣírù ì bá sọ fún un. Ó ti wà lẹ́nu rẹ̀ nígbà tó wà lọ́dọ̀ bàbá náà, kò sì bi í. Ó ń sọ fún ara rẹ̀ pé òun gbàgbé ni. Gbọ́lágadé kò gbàgbé ìbéèrè kankan rí ní gbogbo ọdún tó fi ṣiṣẹ́ ọlọ́pàá.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ Àbámẹ́ta náà, Ẹwàolúwa pè é lórí fóònù. Ó ń wakọ̀ lọ síbi iṣẹ́, ohùn rẹ̀ ń já. Ó béèrè bóyá Dádì òun ti jẹun, Gbọ́lágadé sì ní òun ti jẹun. Ó béèrè bóyá ara dá, ó ní ó dá. Ọmọ náà ní òun yóò tún pè, lẹ́yìn náà ló ku Gbọ́lágadé nìkan pẹ̀lú ariwo ẹ̀rọ amúnáwá àwọn ará ìsàlẹ̀.

Kò tíì jẹun. Ó lọ ṣí fíríìjì, ó rí ike omi, àti ọbẹ̀ ata tó ti ń di yìnyín. Ó rí ilá ọjọ́ Ìṣẹ́gun náà nínú ọ̀rá, kò tíì fọwọ́ kàn án láti ọjọ́ náà. Òun kì í jẹ ilá. Ìkẹ́ ló fẹ́ràn ilá.

Ó mú un jáde, ó sì gbé e sórí tábìlì. Ó jókòó tì í.

Kò sẹ́ni tó ń gbin ilá létí kánà. Ọjà ni wọ́n ti rà á, okùn ọjà ṣì wà lára rẹ̀. Ìyá Dammy ti lọ rà á kí òun tó dé. Ó ti mọ̀ pé Gbọ́lágadé ń bọ̀, ó sì ti mọ̀ pé òun kò ní gé ẹ̀fọ́ fún un lọ́jọ́ náà. Ó ní ẹ̀fọ́ kò tíì tó gé, bẹ́ẹ̀ ewé náà ti dé orúnkún, Gbọ́lágadé sì rí i, kò kàn fẹ́ bá a jiyàn ni. Ó wá rántí ohun tí obìnrin náà sọ nígbà tó ń fi ọ̀rá náà lé òun lọ́wọ́: "Ẹ gbà, Bàbá Ẹwà. Ènì yín nìyẹn."

Ènì kí ni? Òun kò ra nǹkan kan.

Láyé, kò sí olójà tó ń fún ènìyàn lénì láìjẹ́ pé ó rajà. Ọ̀rọ̀ yẹn jáde lẹ́nu Ìyá Dammy bó ti máa ń jáde ní gbogbo ọjọ́ Ìṣẹ́gun, torí ó ti mọ́ ọn lára láti máa sọ ọ́. Láti ọjọ́ Ajé sí ọjọ́ Ẹtì, kò sí ẹlòmíràn tó ń jẹ nínú ẹ̀fọ́ yẹn, Gbọ́lágadé nìkan ni. Ọ̀tá tó bá da oògùn sórí ẹ̀fọ́ kò ní bìkítà bóyá ẹnì kan jẹ ẹ́. Ẹni tó ṣe èyí bìkítà. Ó lọ sọ́jà nítorí ẹnu kan ṣoṣo tó lè jẹ ẹ́, ó ra ilá fún un.

Gbọ́lágadé jókòó níbẹ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú, kò tanná. Ó dùn ún wọra. Kò pẹ́ tó mọ̀ pé ohun tó ń dun òun kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ obìnrin náà. Ìyẹn ti yé e. Ohun tó ń dùn ún ni ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó ń bọ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú, etí kánà dá. Àwọn onígbàgbọ́ ti lọ ṣọ́ọ̀ṣì, àwọn tó kù kò rí iṣẹ́ wá ṣe níbi tí kò sí ẹ̀fọ́. Ìyá Dammy nìkan ló wà níbẹ̀, ó ń hú òkú tẹ̀tẹ̀, ó ń tò ó jọ. Gbọ́lágadé fa garawa kejì, ó jókòó sí ibi tó máa ń jókòó sí.

"Ìyá Dammy, ta ni àáró kàn lọ́jọ́ Ajé?"

Obìnrin náà kò gbójú sókè. Ó hú tẹ̀tẹ̀ kan sí i, ó gbọn erùpẹ̀ ìdí rẹ̀ dànù dáadáa, bí ẹni pé ó fẹ́ tà á.

"Èmi ni," ó ní.

Lẹ́yìn náà ló jókòó. Kò sunkún. Ó sọ̀rọ̀ fún ìgbà pípẹ́. Ó ní ilẹ̀ kẹta tí wọ́n ń lé òun kúrò lórí rẹ̀ ní Èkó nìyí. Ó ní òun ti lọ sí ọ́fíìsì wọn títí ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà fi mọ orúkọ òun, òun bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n fún àwọn nílẹ̀ kí wọ́n tó lé àwọn, tàbí kí wọ́n gbẹ́ kànga tó mọ́ fún àwọn síbí. Wọ́n ní kò sí nínú ètò. Ó ní akọ̀wé kan ló wá ṣàánú òun, tó fi ohùn kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ ṣàlàyé ìrù òfin náà fún òun.

"Wọ́n ní ẹni tí oko rẹ̀ bá kú ni àwọn lè ràn lọ́wọ́," ó ní. "Mo bá pa á."

"Àwọn tó kù mọ̀?"

"Kò sẹ́ni tó mọ̀. Tí mo bá sọ fún wọn, wọn ò ní lè sunkún bó ti yẹ níwájú àwọn ará ìjọba. Mo rò pé wọ́n máa ní omi kánà ni. Mi ò mọ̀ pé ọmọ ọlọ́mọ máa gbé ẹ̀rọ kọjá níbí. Nígbà tí wọ́n ń lù ú, mo ń pariwo pé kí wọ́n fi í sílẹ̀, wọn ò gbọ́. Mo ti ń gbàdúrà láti ọjọ́ Ẹtì kí wọ́n dá a sílẹ̀."

"Wọn kò ní dá a sílẹ̀. Lọ́la ni kóòtù."

Atẹ́gùn gbé òórùn kánà wá. Ìyá Dammy wo àwọn bẹ́ẹ̀dì náà, ó tún wo Gbọ́lágadé.

"Ta ló tún mọ̀, Bàbá Ẹwà?"

"Èmi nìkan."

Kò sọ èyí tó kù, àwọn méjèèjì sì gbọ́ ọ. Bó bá dákẹ́, àwọn àgbẹ̀ wọ̀nyí yóò rí ilẹ̀ àti omi tó mọ́, obìnrin yìí yóò sì máa wá ibì kan jókòó pẹ̀lú rẹ̀ lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun. Ó rò ó. Kí ẹnikẹ́ni má sọ pé kò rò ó. Ó rò ó títí ojú fi tì í, ó wá rántí ojú Ọlámipọ̀ tó dí, àti orúnkún Kúlísúmù lórí sìmẹ́ńtì ẹnu ọ̀nà rẹ̀.

"Ọmọ kan ṣoṣo ni ìyá rẹ̀ bí," ó ní.

Ìyá Dammy mi orí lọ́ra. Ó bomi ṣan ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì, ó tú gèlè rẹ̀, ó sì tún un wé. Wọ́n jọ rìn lọ sójú títì. Ó di ìgbà tí wọ́n rí ẹnu ọ̀nà tésàn lọ́ọ̀ọ́kán ni obìnrin náà dúró.

"Báwo lẹ ṣe mọ̀?"

"Ẹ fún mi lénì," Gbọ́lágadé ní. "Mi ò ra nǹkan kan lọ́jọ́ yẹn."

Ó pẹ́ díẹ̀ kó tó yé obìnrin náà. Nígbà tó yé e, ó fẹ́ rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà kò jáde.

"Ká ní ẹ tà á fún mi ni," Gbọ́lágadé ní, "mi kì bá tí mọ̀ láéláé."

"Kí n ta oògùn fún yín, kẹ́ ẹ lọ dá jẹ ẹ́ nínú ilé yẹn?" ó ní. "Tó bá ṣe yín ní nǹkan, ta ló máa mọ̀? Èmi náà ni mo máa kọ́kọ́ mọ̀, nígbà tó bá di ọjọ́ Ìṣẹ́gun tí ẹ ò wá."

Ó wọlé lọ, kò dúró dè é. Gbọ́lágadé gbọ́ ohùn rẹ̀ nínú, ó ń kí Bukky ẹ káàárọ̀ bí ẹni tó wá tajà.

Wọ́n dá Ọlámipọ̀ sílẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ náà. Òun àti ìyá rẹ̀ wá dọ̀bálẹ̀, wọ́n wá kúnlẹ̀, wọ́n ṣàdúrà fún bàbá náà kí wọ́n tó lọ, ilé náà sì dákẹ́. Bukky ní Ọ̀gá òun kò tíì gbàgbé iṣẹ́, ó ní kó máa yà sí tésàn. Gbọ́lágadé lọ láti gba béèlì Ìyá Dammy, ṣùgbọ́n àbúrò obìnrin náà láti Ìsẹ́yìn ti ṣáájú rẹ̀ débẹ̀. Ìyá Dammy gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá pẹ̀lú gèlè tó ti tú, ó kí i, kò pè é lórúkọ kankan.

Ọ́fíìsì tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àyíká sọ nínú rédíò pé níwọ̀n ìgbà tí kì í ṣe omi kánà ló ba ẹ̀fọ́ náà jẹ́, ọ̀rọ̀ ilẹ̀ kò sí mọ́. Katakata dé, ó sì tú gbogbo bẹ́ẹ̀dì náà, àti ṣọkọ Bàbá Àṣírù tó yè. Àwọn àgbẹ̀ di ọkọ́ àti agolo wọn. Gbọ́lágadé lọ dúró síbẹ̀ lọ́jọ́ náà torí ó kà á sí pé ó yẹ kí òun lọ. Kò sẹ́ni tó bú u. Kò sẹ́ni tó kí i.

Nígbà tó di ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó tẹ̀lé e, ó wọ aṣọ rẹ̀ ní àkókò tó máa ń wọ̀ ọ́, ó sì rìn dé Apple Junction. Ó bá ọmọbìnrin kan tó ń ta ẹ̀fọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì, ó ra ìdì kan. Ọmọ náà kò sọ ibi tí ẹ̀fọ́ náà ti wá, ó dì í sínú ọ̀rá, ó nà án sí i, ó sì ti kọjú sí ẹlòmíràn. Gbọ́lágadé dúró síbẹ̀. Ọwọ́ òsì rẹ̀ gbé ọ̀rá náà, ọwọ́ ọ̀tún ṣì wà níwájú rẹ̀, ó là á sílẹ̀ bí ẹni tó ń dúró de ènì.

Ọmọ náà yíjú padà, ó rí i. Ó bi í bóyá ó tún fẹ́ ra nǹkan mìíràn.

Gbọ́lágadé ní rárá, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì gbé ẹ̀fọ́ rẹ̀ lọ sílé.